Bí A Ṣe Wọn Iná Inú Oúnjẹ

Oúnjẹ ni agbára ara. Báwo ni a ṣe mọ ìwọ̀n agbára náà? Ní Paris, nígbà òtútù ọdún 1782 sí 1783, Lavoisier àti Laplace fi ẹranko kékeré tí àwọn Faransé ń pè ní cochon d'Inde sínú ohun èlò tí yìnyín yí ká. Yìnyín tí ó yọ́ di omi ni wọ́n fi wọn ooru ara rẹ̀. Wọ́n fi í wé ooru èédú tí ń jó, wọ́n sì rí i pé mímí dà bí iná tí ń jó díẹ̀díẹ̀.

Ní òpin ọ̀rúndún 19, Atwater ní Amẹ́ríkà ṣírò ohun tí ara ń rí gbà: gíráàmù ọ̀rá kan, kilocalorie 9, ti sítáàṣì, 4. Ṣùgbọ́n agbára ni ó gbé lé òṣùwọ̀n. Nítorí náà ni ó ṣe fojú kéré ẹ̀fọ́, nígbà tí a kò tíì mọ fítámì. Ohun tí a bá gbé lé òṣùwọ̀n nìkan ni òṣùwọ̀n í sọ.