TA LÓ Ń SANWÓ Ọ̀NÀ FÚN ÀWỌN TÓ WÀ LÓKÈÈRÈ?

Òní kì í ṣe ọjọ́ ìwàásù. Ìtàn la fẹ́ sọ, ó sì gùn díẹ̀, ẹ jọ̀ọ́ ẹ bá wa kà á dé ìsàlẹ̀. Ìtàn ilé-iṣẹ́ bàálù kan ni, ní orílẹ̀-èdè Ọsirélíà. Ó bẹ̀rẹ̀ ní 1939, ó sì kógbá sílé ní nǹkan bí ogójì ọdún lẹ́yìn náà.

Ẹ jẹ́ ká kọ́kọ́ mọ irú ilẹ̀ tó jẹ́. Àárín gbùngbùn Ọsirélíà, aṣálẹ̀ ni. Ìlú kan wà níbẹ̀ tó ń jẹ́ Alice Springs. Ọkọ̀ ojú irin dé ibẹ̀ ní 1929, ibẹ̀ náà ló sì dúró sí fún ọ̀pọ̀ ọdún. Ẹni tó bá ń lọ síwájú sí i, oko màlúù ló máa bá. Oko kan ṣoṣo lè fẹ̀ ju ìjọba ìbílẹ̀ mélòó kan lápapọ̀ lọ, kí ilé aládùúgbò sì jìnnà ní ìrìn odindi ọjọ́ kan. Àwọn Aborigine, tí wọ́n ni ilẹ̀ náà láti ìbẹ̀rẹ̀, wà káàkiri níbẹ̀ pẹ̀lú. Tí òjò bá rọ̀, odò tó ti gbẹ láti èṣí á kún lójijì, ọ̀nà á sì gé. Tí ọmọdé bá ṣàìsàn, tàbí tí aláboyún bá ń rọbí tí kò bọ́ sí i, kí ni wọ́n fẹ́ ṣe? Ọ̀pọ̀ ló kú, kì í ṣe pé àìsàn wọn kò gbóògùn, ọ̀nà ló jìn.

Òjíṣẹ́ Ọlọ́run kan ló kọ́kọ́ gbé ọ̀rọ̀ yìí lé ọkàn. John Flynn ni orúkọ rẹ̀, ìjọ Presbyterian ló sì ń sìn. Ní 1928, ó dá iṣẹ́ dókítà abàálù sílẹ̀ ní ìlú Cloncurry: dókítà á wọ bàálù, á lọ bá aláìsàn nílé. Ní 1929, ọkùnrin kan tó ń jẹ́ Alfred Traeger bá wọn ṣe rédíò tí wọ́n ń fi ẹsẹ̀ wà bíi kẹ̀kẹ́ kí iná lè wọ inú rẹ̀. Rédíò yìí làwọn ará oko fi ń ké sí dókítà. Lónìí, àwòrán Flynn wà lórí owó ogún dọ́là ilẹ̀ Ọsirélíà. Ẹ fi orúkọ rẹ̀ sọ́kàn, a máa padà sórí rẹ̀.

Ibí ni Edward Connellan ti wọ inú ìtàn. Eddie ni wọ́n ń pè é, ọmọ bíbí ìpínlẹ̀ Victoria ni, ní apá gúúsù. Ní 1938, ó fi bàálù kékeré yẹ agbègbè náà wò láti òkè, ó sì rí bí àwọn èèyàn ṣe dá wà. Ní 1939, ìjọba gbé iṣẹ́ lẹ́tà fún un: kó máa gbé e láti Alice Springs lọ sí Wyndham, ní etíkun àríwá ìwọ̀-oòrùn. Ẹgbẹ̀rún kìlómítà àti lé, ó ju Èkó sí Kánò lọ. Oko màlúù kan sí òmíràn ló máa ń balẹ̀ sí. Ọdún yẹn kan náà, iṣẹ́ dókítà abàálù dé Alice Springs. Bàálù Connellan àti awakọ̀ rẹ̀ ló ń gbé dókítà, títí wọ inú àwọn ọdún 1960.

Ẹ gbọ́ ná, ẹ má rò pé lẹ́tà lásán ni bàálù yẹn ń gbé. Oògùn, ohun èlò ẹ̀rọ, oúnjẹ, ìwé ìròyìn, àti èèyàn pẹ̀lú. Fún ìyá tó ń tọ́mọ nínú oko tí kò rí obìnrin mìíràn bá sọ̀rọ̀ fún oṣù mélòó kan, ọjọ́ tí bàálù bá balẹ̀, ọjọ́ ọdún ni.

Iṣẹ́ náà gbòòrò. Ní 1958, wọ́n ti ń gbé àwọn arìnrìn-àjò afẹ́ lọ wo àpáta ńlá Uluru, tí wọ́n ń pè ní Ayers Rock nígbà yẹn. Ní 1970, ilé-iṣẹ́ náà yí orúkọ padà sí Connair. Ṣùgbọ́n ìṣòro kan wà nínú rẹ̀ láti ilẹ̀, òun gan-an la sì tìtorí ẹ̀ kọ ìwé yìí.

Ìṣòro náà nìyí. Bí bàálù bá balẹ̀ sí oko méjìlá lọ́jọ́ kan, tó gbé èèyàn mẹ́ta àti àpò lẹ́tà, owó tí èèyàn mẹ́ta san kò lè ra epo, ká má tíì sọ owó oṣù awakọ̀. Ojú ọ̀nà tó ń mówó wọlé wà láàárín àwọn ìlú ńlá, òfin ìjọba sì ti fi ìyẹn sọ́wọ́ ilé-iṣẹ́ ńlá méjì. Èyí tó kù fún àwọn kéékèèké ni ibi tí èrè kò sí. Nítorí náà, nǹkan méjì ló gbé Connair ró: owó ìrànwọ́ ìjọba, àti èjìká ọkùnrin kan.

Nígbà tó yá, àwọn méjèèjì rẹ̀. Ní October 1975, bàálù wọn kan já lulẹ̀ nítòsí Cairns nínú ojú ọjọ́ tó burú, gbogbo èèyàn mọ́kànlá tó wà nínú rẹ̀ ló kú. Ní ọjọ́ 5 January 1977, awakọ̀ kan tí wọ́n ti dá dúró lẹ́nu iṣẹ́ jí bàálù ní Wyndham, ó fò ó wá sí Alice Springs, ó sì mọ̀ọ́mọ̀ fi kọlu ilé-iṣẹ́ náà. Yàtọ̀ sí òun fúnra rẹ̀, èèyàn mẹ́rin ló kú. Ọ̀kan nínú wọn ni Roger, ọmọ Eddie Connellan. Ẹ ò rí nǹkan! Iṣẹ́ tí bàbá fi gba ẹ̀mí ọmọ ọlọ́mọ là, ibẹ̀ ni ọmọ tirẹ̀ kú sí.

Bàálù ti ń gbó, epo ti wọ́n, owó ìrànwọ́ ìjọba kò sì tó gbé e mọ́. Ní 1980, wọ́n ta Connair fún ilé-iṣẹ́ East-West, wọ́n yí orúkọ rẹ̀ padà, kò sì pẹ́ tó fi kásẹ̀ nílẹ̀. Eddie kú ní 1983. Àwọn ilé-iṣẹ́ kéékèèké mìíràn gba díẹ̀ nínú ojú ọ̀nà rẹ̀. Orúkọ Connellan wà lára pápákọ̀ òfúrufú tó wà nítòsí Uluru.

Ó yá, ẹ jẹ́ ká padà sọ́dọ̀ Flynn. Iṣẹ́ dókítà abàálù tí òun dá sílẹ̀ ń fò títí dòní olónìí. Ilẹ̀ kan náà, òòrùn kan náà, èèyàn kan náà. Kí ló fà á? Ní àwọn ọdún 1930, ìjọ rẹ̀ yọ̀ǹda iṣẹ́ náà. Wọ́n gbé e lé ẹgbẹ́ gbogboogbò lọ́wọ́, ó sì ní ẹ̀ka láti ìpínlẹ̀ sí ìpínlẹ̀. Ìjọba ń dá owó sí i, ará ìlú ń dá owó sí i, títí kan àwọn tí kò ní wọ bàálù náà láé. Nígbà tí Flynn kú ní 1951, iṣẹ́ kò kú.

A ò sọ pé Connellan kùnà o. Òwò ni tirẹ̀, ìtọrẹ àánú ni ti Flynn, wọn kì í ṣe ọ̀kan náà. Ogójì ọdún tó fi gbé àwọn èèyàn yẹn, ta ló tún máa ṣe é? Ohun tá a rí nínú ìtàn náà ni pé iṣẹ́ sísin ẹni tó wà lókèèrè kì í san owó ara rẹ̀. Ẹni tó wà nítòsí ló gbọ́dọ̀ bá wọn san án. Tá a bá sì dá a dá ẹnì kan, bó ti wù kí ẹni náà lágbára tó, ọjọ́ kan á rẹ̀ ẹ́. Ọwọ́ kan ò gbé igbá dé orí.

Ẹ̀yin ará, ẹ wo àárín wa. Arákùnrin tó ń fi epo ara rẹ̀ lọ kó àwọn ìyá àgbà wá sílé ìsìn ní gbogbo ọjọ́ Ìsinmi, ta ló ti bi í léèrè pé mélòó ni epo báyìí? Ajíhìnrere tá a rán lọ sí abúlé, tá a pàtẹ́wọ́ fún lọ́jọ́ tó ń lọ, ta ló ti pè é lóṣù yìí? Àdúrà dára, ṣùgbọ́n àdúrà nìkan kọ́ ni bàálù fi ń fò, epo wà níbẹ̀.

Kí ọ̀sẹ̀ yìí tó parí, ẹ wá ẹnì kan bẹ́ẹ̀, kẹ́ ẹ gba apá kan ẹrù náà lọ́wọ́ rẹ̀. Ẹ má dúró dìgbà tó bá ṣubú ká tó máa sọ pé èèyàn dáadáa ni.

Olúwa á fún gbogbo ẹni tó ń gbé ẹlòmíràn ní agbára ọ̀tun, kò ní jẹ́ kó rẹ̀ wọ́n lójú ọ̀nà. Ẹ bá wa ṣe Àmín, kẹ́ ẹ sì fi í ránṣẹ́ sí ẹlòmíràn. Ó dàbọ̀ o.