William Greaves àti Àṣẹ Lórí Àwòrán, 1952–1972

Nígbà tí ètò Black Journal bẹ̀rẹ̀ lórí tẹlifíṣọ̀n Amẹ́ríkà ní oṣù Kẹfà ọdún 1968, wọ́n polówó rẹ̀ gẹ́gẹ́ bí ètò tí àwọn aláwọ̀ dúdú ń ṣe fún àwọn aláwọ̀ dúdú. Àmọ́ aláwọ̀ funfun ni ọ̀gá tó di àṣẹ ètò náà mú. Ní oṣù Kẹjọ, àwọn òṣìṣẹ́ aláwọ̀ dúdú da iṣẹ́ sílẹ̀. William Greaves, tó jẹ́ ọ̀kan nínú àwọn atọ́kùn ètò náà, ni wọ́n fi rọ́pò ọ̀gá yìí. Ìjà náà kọjá ọ̀rọ̀ ipò. Ìbéèrè tó wà nídìí rẹ̀ ti wà nínú iṣẹ́ Greaves tipẹ́: ta ló láṣẹ láti pinnu ohun tí àwòrán yóò sọ, ta sì ni yóò rí i?

Ọmọ Harlem ni Greaves. Ọdún 1926 ni àwọn òbí rẹ̀, tí wọ́n ti erékùṣù Karibíánì wá, bí i. Ó jó ijó, ó ṣe eré orí ìtàgé, ó sì kópa nínú fíìmù Lost Boundaries ní 1949. Ṣùgbọ́n ipa tí àwọn olówó eré ń fún aláwọ̀ dúdú nígbà náà kò ju ti ìránṣẹ́ àti apanilẹ́rìn-ín lọ. Ní 1952, ó kó lọ sí Kánádà, ó sì wọ iṣẹ́ ní National Film Board. Níbẹ̀ ló ti kọ́ bí a ṣe ń kọ fíìmù, bí a ṣe ń gé e tí a sì ń tò ó, àti bí a ṣe ń darí rẹ̀. Fíìmù rẹ̀ Emergency Ward (1959) fi ẹ̀ka ìtọ́jú pàjáwìrì ilé ìwòsàn kan ní Montreal hàn.

Ó padà sí New York ní 1963. Ní 1966, ilé iṣẹ́ ìpolongo ìjọba Amẹ́ríkà rán an lọ sí Dakar láti ya àjọ̀dún àgbáyé àkọ́kọ́ ti iṣẹ́ ọnà àwọn aláwọ̀ dúdú. Fíìmù kékeré ni wọ́n ní kó ṣe. Ó mú odindi iṣẹ́ bọ̀, tó gbé iyì Áfíríkà àti ti àwọn ọmọ rẹ̀ ní òkèèrè yọ. Yorùbá bọ̀, wọ́n ní bí a bá ránni níṣẹ́ ẹrú, a ń fi tọmọ jẹ́ ẹ ni. Síbẹ̀, òkèèrè ni òfin ìpolongo ọdún 1948 yà irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀ sọ́tọ̀ fún. Fíìmù náà wà fún ojú Áfíríkà. Kò sí fún ojú Harlem.

Ìrírí yìí ló jẹ́ kí ọ̀rọ̀ Black Journal ṣe kókó. Ní ìbẹ̀rẹ̀ ọdún 1968 kan náà, ìròyìn ìgbìmọ̀ Kerner ti bẹnu àtẹ́ lu àwọn ilé iṣẹ́ ìròyìn pé ojú aláwọ̀ funfun nìkan ni wọ́n fi ń wo ìlú. Ohun tí àwọn òṣìṣẹ́ ètò náà wá fi hàn ni pé gbígba aláwọ̀ dúdú síṣẹ́ kò tó, bí àṣẹ ìkẹyìn bá wà lọ́wọ́ ẹlòmíràn. Lábẹ́ Greaves, àwọn ọ̀dọ́ bíi St. Clair Bourne ri ìdí iṣẹ́ múlẹ̀, ètò náà sì gba ẹ̀bùn Emmy ní 1970. Ọdún yẹn náà ni Greaves fi í sílẹ̀ láti gbájú mọ́ ilé iṣẹ́ tirẹ̀.

Òmìnira náà ní ààlà tirẹ̀. Ní 1972, ó ya ìpàdé òṣèlú àwọn aláwọ̀ dúdú ní ìlú Gary, ní Indiana. Àwọn ilé iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n kà á sí èyí tó le jù. Èyí tí wọ́n gé kúrú ni aráyé mọ̀. Ọdún 2020 ni wọ́n tó dá Nationtime padà sí gígùn rẹ̀, ọdún mẹ́fà lẹ́yìn ikú Greaves. Ní Dakar, òfin ni kò jẹ́ kí àwọn ará ilé rẹ̀ rí iṣẹ́ rẹ̀. Ní Gary, ọjà ni. Ẹni tó ni kámẹ́rà lè sọ ìtàn tirẹ̀, ṣùgbọ́n ẹni tó ni ọ̀nà tí fíìmù ń gbà dé ilé ló ń pinnu ìgbà tí wọn yóò gbọ́ ọ.