Òkun Inú Àrọ́bá: Olókun, Ilé-Ifẹ̀ àti Ọmọ Brigade

Àwọn àgbà bọ̀, wọ́n ní bí ọmọdé kò bá bá ìtàn, yóò bá àrọ́bá. Àrọ́bá sì ni baba ìtàn. Ọ̀rọ̀ yìí kan ọmọ Yorùbá tí a bí sí Brigade ní ìlú Kánò, ju bí ó ti kan ọ̀pọ̀ ènìyàn lọ. Láti ìgbà tí ojú irin ti so Èkó pọ̀ mọ́ Kánò ní ọdún 1912 ni àwọn ará Gúúsù ti ń gòkè lọ sí ìlú náà lọ́pọ̀lọpọ̀: akọ̀wé, oníṣẹ́ ọwọ́ àti oníṣòwò. Ibi tí wọ́n tẹ̀dó sí jìnnà sí òkun, nítorí pé láti Èkó dé Kánò lé ní 800 kìlómítà. Síbẹ̀, òkun kan ń bẹ nínú ìtàn tí àwọn òbí gbé dání lọ. Olókun ni ó sì ni ín. Bí ọmọ tí kò fojú kan òkun rí bá wá bi olùkọ́ rẹ̀ pé, “Ṣé òkun yìí wà lóòótọ́, àbí àlọ́ lásán ni?” èsì wo ni olùkọ́ yóò fún un?

Ohun tí àrọ́bá sọ ni pé, ní ìgbà ìwáṣẹ̀, omi ni gbogbo ayé, Olókun ni ó sì ń jọba lórí rẹ̀. Láti òde ọ̀run ni a ti rán ẹni tí yóò dá ilẹ̀ sórí omi náà. Àwọn kan ní Odùduwà ni. Àwọn mìíràn ní Ọbàtálá ni a kọ́kọ́ fi iṣẹ́ náà lé lọ́wọ́. Ó fi ẹ̀wọ̀n rọ̀ sílẹ̀, ó da iyẹ̀pẹ̀ sórí omi, adìyẹ ẹlẹ́sẹ̀ márùn-ún sì tàn án káàkiri. Ibi tí ilẹ̀ ti kọ́kọ́ fẹ̀ ni a ń pè ní Ilé-Ifẹ̀. Olókun kò sì di tálákà nítorí ilẹ̀ tí ó bo omi rẹ̀ mọ́lẹ̀. Ààfin rẹ̀ wà ní ìsàlẹ̀ òkun, owó ẹyọ àti ìlẹ̀kẹ̀ sì kún inú rẹ̀.

Ohun tí ó yani lẹ́nu ni pé Ilé-Ifẹ̀ fi ohun tí ó lé ní 100 kìlómítà jìnnà sí etíkun, síbẹ̀ igbó kan wà níbẹ̀ tí a ń pè ní Igbó Olókun. Kí ni oní-òkun ń wá nínú igbó?

Òyìnbó ará Jámánì kan, Leo Frobenius, dé Ilé-Ifẹ̀ ní ọdún 1910, ó sì gbìyànjú láti dáhùn ìbéèrè náà. Ó rí orí idẹ kan tí a ń pè ní Orí Olókun, ẹwà rẹ̀ sì gbà á lọ́kàn. Ó fẹ́ gbé e lọ, ṣùgbọ́n àwọn aláṣẹ ìjọba Gẹ̀ẹ́sì mú kí ó dá a padà. Lójú Frobenius, kò ṣeé gbà pé àwọn baba ńlá Yorùbá ni wọ́n dá irú ọnà bẹ́ẹ̀. Ó ké gbàjarè pé òun ti rí Atlantis, erékùṣù tí Plato, amòye ará Gíríìsì, sọ pé òkun gbé mì ní ayé àtijọ́. Ó ní Olókun kò ju Poseidon, òrìṣà òkun àwọn ará Gíríìsì, lọ. Báyìí ni ó ṣe fi òkun inú ìtàn ẹlòmíràn gba òkun inú ìtàn Yorùbá lọ́wọ́ wọn, tí ó sì gba iṣẹ́ ọwọ́ wọn mọ́ ọn.

Ṣùgbọ́n irọ́ lè lọ fún ogún ọdún, ọjọ́ kan ni òtítọ́ yóò bá a. Ní ọdún 1938, nígbà tí àwọn òṣìṣẹ́ ń wa ìpìlẹ̀ ilé ní agboolé Wúnmọníjẹ̀, nítòsí ààfin Ọọ̀ni, wọ́n kan orí idẹ tí ó ju mẹ́wàá lọ. Ó wá hàn pé Orí Olókun kì í ṣe àjèjì. Ó ní ẹbí, Ifẹ̀ sì ni ilé wọn.

Ọ̀rọ̀ Igbó Olókun fúnra rẹ̀ tún yé ni sí i láìpẹ́ yìí. Ó pẹ́ tí àwọn ará Ifẹ̀ ti ń wa ìlẹ̀kẹ̀ nínú ilẹ̀ ibẹ̀. Frobenius pàápàá rí àfọ́kù ìkòkò tí gíláàsì lẹ̀ mọ́ lára. Nígbà tí awalẹ̀pìtàn ọmọ Nàìjíríà, Abídèmí Babátúndé Babalọlá, wa ilẹ̀ náà, ìlẹ̀kẹ̀ gíláàsì tí ó lé ní 12,000 ni ó jáde, pẹ̀lú ìdọ̀tí gíláàsì yíyọ́. Ìwádìí tí a tẹ̀ jáde ní ọdún 2017 fi hàn pé iṣẹ́ náà wáyé láàrin nǹkan bí ọdún 1000 sí 1500, àti pé ohun tí a fi ṣe gíláàsì náà yàtọ̀ sí ti àwọn ará Yúróòpù àti ti Lárúbáwá. Ifẹ̀ ni a ti pò ó, Ifẹ̀ ni a ti yọ́ ọ. A sì ti rí irú gíláàsì yìí ní Gáò, ìlú òwò ní etí odò Ọya, lọ́nà jíjìn sí Ifẹ̀.

Èyí tú àdììtú náà. Olókun ni ó ni ọrọ̀, ìlẹ̀kẹ̀ sì ni ọrọ̀ ayé ìgbà náà. Ó bá a mu nígbà náà pé ibi tí ìlẹ̀kẹ̀ ti ń jáde bí omi ni a fi jì í. Nígbà tí iná ìléru kú, tí igbó bo ibẹ̀, tí kò sí ẹni tí ó tún mọ bí a ti ń yọ́ gíláàsì mọ́, orúkọ nìkan ni ó ṣẹ́ kù láti jẹ́rìí. Àrọ́bá ni ó tọ́jú ohun tí ìtàn gbàgbé.

Nítorí náà, èsì wà fún ọmọ Brigade. Òkun Olókun kò ní omi tí a lè fi ọkọ̀ là kọjá, ṣùgbọ́n iṣẹ́ wà nínú rẹ̀, ọgbọ́n wà nínú rẹ̀, ìlẹ̀kẹ̀ inú rẹ̀ sì ti rin ìrìn àjò lọ sí ìhà àríwá ní ọgọ́rọ̀ọ̀rún ọdún kí ọkọ̀ ojú irin tó gbé àwọn òbí rẹ̀ dé Kánò. Ọmọ tí ó ń fi Haúsá nájà, tí ó ń fi Gẹ̀ẹ́sì kàwé, lẹ́tọ̀ọ́ láti gbọ́ èyí ní èdè ìyá rẹ̀. Bí olùkọ́ Yorùbá bá dákẹ́ nítorí pé ó ka àrọ́bá sí ọ̀rọ̀ ọmọdé, Frobenius mìíràn yóò wá bá a sọ ọ́, yóò sì sọ ọ́ bí ó ti wù ú.