Ajagungbalẹ̀

Ẹ tú ọ̀rọ̀ náà wò: a-ja-ogun-gba-ilẹ̀. Ogun gidi ni. Ìdájí ni kátapílà ń dé, àdá á máa dán lọ́wọ́ àwọn géńdé, ògiri ọgbà á sì ti wó kí onílé tó jí. Ọmọ onílẹ̀ yàtọ̀ sí ajagungbalẹ̀. Ilẹ̀ bàbá rẹ̀ ló ń tà, bó tilẹ̀ tà á fún ẹni mẹ́ta. Òfin Ìpínlẹ̀ Èkó ti ọdún 2016 gbé ẹ̀wọ̀n ọdún 10 kalẹ̀ fún ẹni tó bá fi ipá gba dúkìá ẹlòmíràn. Ẹni tó jàre ní kóòtù pàápàá kò gbọdọ̀ kó jàǹdùkú lọ sórí ilẹ̀ náà. Bélífù ló ń mú ìdájọ́ ṣẹ, ọlọ́pàá á sì tẹ̀ lé e kí wọ́n má baà ṣe é léṣe. Ìyá àdúgbò á yọjú lójú fèrèsé: “Ṣé ẹ̀yin ajagungbalẹ̀ tún ti dé ni?” Bélífù á na ìwé olóǹtẹ̀ sókè: “Rárá o, ìyá. Kóòtù ló rán wa.”