Kiribati

Orúkọ orílẹ̀-èdè kan ní òkun Pàsífíìkì. Ní èdè ibẹ̀, «ti» máa ń dún bíi «s», nítorí náà Kíríbásì ni wọ́n ń pè é. Gilberts ni àwọn ará ibẹ̀ fi ahọ́n ara wọn pè bẹ́ẹ̀, orúkọ tí ibẹ̀ gbà láti ara Thomas Gilbert, ọ̀gá ọkọ̀ òkun ọmọ Gẹ̀ẹ́sì tó gba ibẹ̀ kọjá ní 1788. Gẹ̀ẹ́sì fi ibẹ̀ sábẹ́ ààbò ní 1892, ó sì gbà á pátápátá ní 1916.

Ní 12 oṣù Keje 1979, wọ́n gba òmìnira. Ieremia Tabai di ààrẹ, ọbabìnrin Gẹ̀ẹ́sì kì í sì í ṣe olórí wọn mọ́. Orúkọ àlejò ni wọ́n jogún, àmọ́ ahọ́n wọn ti sọ ọ́ di tiwọn.

Erékùṣù wọn kan ń jẹ́ Kiritimati. Fi «s» rọ́pò «ti» méjèèjì kí o tún un pè: Kérésìmesì wa náà nìyẹn!