Ìró Ṣaworo Nínú Kásẹ́ẹ̀tì àti Nínú Àwo

Àwọn àgbà wa a máa wí pé agbẹ́jọ́-ẹnìkan-dá, àgbà òṣìkà ni. Bẹ́ẹ̀ náà ni ọ̀rọ̀ fíìmù àtijọ́ rí: ẹ̀dà kan ṣoṣo kò tó láti fi dá a lẹ́jọ́. Ní ìsinmi tí ó kọjá, mo rí ẹ̀dà Ṣaworoidẹ méjì nílé bàbá mi àgbà ní Mamu, ọ̀kan nínú kásẹ́ẹ̀tì, èkejì nínú àwo VCD. Mo wò wọ́n tẹ̀lé ara wọn.

Ọ̀gbẹ́ni Túndé Kèlání ni ó gbé fíìmù náà jáde ní 1999. Ọ̀jọ̀gbọ́n Akínwùmí Ìṣọ̀lá ni ó kọ ìtàn rẹ̀. Ìlù tí a so ṣaworo mọ́ ni gbogbo rẹ̀ dúró lé. Bí ọba Jogbo kò bá ṣe ìbúra, tí ó wá dé adé, tí ìlù náà sì dún, ikú ni. Ẹni tí kò gbọ́ ṣaworo, kò gbọ́ ìtàn.

Nígbà náà, kásẹ́ẹ̀tì VHS ni ó gbòde. Etí okùn inú rẹ̀ ni a ń gba ohùn sí, etí náà ni ó sì máa ń tètè gbó. Bí a bá tún ṣe ẹ̀dà láti ara ẹ̀dà, ìró tín-ín-rín ni ó ń kọ́kọ́ sọnù. Nínú ti bàbá àgbà, mo gbọ́ ìlù, ṣùgbọ́n ṣaworo ti di bí atẹ́gùn nínú koríko gbígbẹ. Níbi tí okùn ti fà, ohùn ń gòkè, ó ń sọ̀ kalẹ̀. Ní èdè tí ọkọ́ yàtọ̀ sí ọkọ̀, ìyẹn kì í ṣe nǹkan kékeré.

VCD, tí a fi ìlànà rẹ̀ lélẹ̀ ní 1993, kò gbà ju nǹkan bí ìṣẹ́jú 74 lọ. Ìdí kan nìyí tí fíìmù wa fi máa ń ní apá kìíní àti apá kejì nígbà náà. Àmì 352 lọ́nà 288 ni àwòrán rẹ̀. Ti DVD tó nǹkan bí ìlọ́po mẹ́rin rẹ̀. Bí àwọn oníjó bá ń yí, àwòrán a fọ́ sí wẹ́wẹ́, èyí tí kásẹ́ẹ̀tì kì í ṣe. Ṣùgbọ́n ṣaworo ró gbangba! Bàbá àgbà, tí ó ti ń tòògbé, gbé orí sókè.

Nítorí náà, ẹ̀yin tí ẹ ń kó fíìmù Yorùbá pamọ́ sínú kọ̀ǹpútà, ẹ má ṣe fi ojú nìkan yan ẹ̀dà. Ẹ fi etí yàn án pẹ̀lú, kí ẹ sì tètè ṣe é. Okùn kásẹ́ẹ̀tì kò ní dúró dè wá.