Adéṣẹwà Ògúǹdé àti Iṣẹ́ Obìnrin Lórí Ìtàgé

Nígbà tí fíìmù Aiyé jáde ní 1979, kò ya ẹnikẹ́ni lẹ́nu láti rí obìnrin tí ń ṣe eré nínú rẹ̀. Ọ̀rọ̀ kò rí bẹ́ẹ̀ ní ọdún mẹ́tàlélọ́gbọ̀n ṣáájú. Nínú eré alárìnjó àtijọ́, ọkùnrin ni ó ń gbé eégún tí ó dúró fún obìnrin. Orin ni àwọn obìnrin ń gbè. Nínú eré ṣọ́ọ̀ṣì, ọmọ ìjọ lásán ni wọ́n. Kò sí ẹni tí ń san owó fún wọn.

Hubert Ògúǹdé, ọmọ Ọ̀sọ̀sà nítòsí Ìjẹ̀bú-Òde, ni ó yí èyí padà. Ó ti ṣe olùkọ́ àti ọlọ́pàá rí kí ó tó fi eré ṣe iṣẹ́. Nígbà tí ó dá ẹgbẹ́ rẹ̀ sílẹ̀ ní 1945, ó polówó pé òun ń wá obìnrin òṣèré tí yóò máa gba owó oṣù. Wọn kò yọjú. Ìtàn sọ pé nígbà tí ó polówó pé akọ̀wé obìnrin ni òun ń wá, wọ́n wá. Ṣùgbọ́n bí àwọn òbí ti gbọ́ irú iṣẹ́ tí ó jẹ́, wọ́n fárí gá. Ojú alárìnkiri ni wọ́n fi ń wo òṣèrébìnrin. Síbẹ̀, nínú Tiger's Empire, ní ọjọ́ 4 oṣù Kẹta 1946, a kéde àwọn obìnrin fún ìgbà àkọ́kọ́ gẹ́gẹ́ bí òṣèré tí iṣẹ́ wọn nìyí.

Clementina, tí a mọ̀ sí Adéṣẹwà, wà lára àwọn àkọ́kọ́ wọ̀nyí. Ní 1947, òun àti Ògúǹdé lọ sí Lọ́ńdọ̀nù, wọ́n sì kọ́ ijó níbẹ̀. Ògúǹdé fi í ṣe aya. Lẹ́yìn náà ó fẹ́ púpọ̀ nínú àwọn òṣèrébìnrin yòókù. Ìgbéyàwó yìí pa àwọn ẹlẹ́gàn lẹ́nu mọ́, nítorí pé a kì í pe ìyàwó ilé ní alárìnkiri. Ó tún mú kí ẹgbẹ́ náà dúró ṣinṣin, àní nígbà tí ìjọba Ìwọ̀-Oòrùn fòfin dè é láti 1964 sí 1966 nítorí eré Yorùbá Ronú. Ṣùgbọ́n ohun tí ó fún wọn ní ọ̀wọ̀ ni ó tún bo iṣẹ́ wọn mọ́lẹ̀: ẹni tí à bá pè ní òṣèré di ìyàwó ọ̀gá.

Ìjàǹbá ọkọ̀ ni ó pa Adéṣẹwà ní 1970. Kò rí Aiyé, kò rí Jáíyésinmi ti 1980 tàbí Àròpin N'Tènìyàn ti 1982, níbi tí àwọn obìnrin ẹgbẹ́ náà ti bọ́ sójú fíìmù. Olùkọ́ tí ó bá ń kọ́ni ní ìtàn eré Yorùbá kò gbọdọ̀ dárúkọ Ògúǹdé nìkan. Ọ̀nà tí àwọn òṣèrébìnrin ìsinsìnyí ń tọ̀, àwọn obìnrin wọ̀nyí ni ó kọ́kọ́ gba ẹ̀gàn rẹ̀.